Bí a ṣe ń wọn ara ẹni kí a tó ra kọ́mú

Ọ̀rọ̀ tí a mú wá lónìí, àwọn kan lè sọ pé inú yàrá ló yẹ kó wà. Ṣùgbọ́n owó ń bọ́ lọ́wọ́ wa lórí rẹ̀, ara sì ń dùn wá lórí rẹ̀, nítorí náà a ó sọ ọ́. Kọ́mú ni, èyí tí àwọn tó lọ sílé ìwé Faransé ń pè ní soutien.

Ọ̀kan nínú àwọn ọmọbìnrin tí a ń kọ́ níṣẹ́ olùkọ́ lọ sí Missèbo ní Kútọnu, níbi tí wọ́n ti ń tú báàlì friperie, ó sì ra kọ́mú mẹ́ta. Láti ìgbà tó ti ń wọ kọ́mú, 90 ló máa ń rà. Ó yẹ àmì ẹ̀yìn rẹ̀ wò, ó rí 90 lára mẹ́tẹ̀ẹ̀ta, ó sanwó. Nígbà tó délé, kò sí ọ̀kan tó dúró lára rẹ̀, gbogbo wọn ń yọ̀ kiri bí aṣọ àyálò. Ó rò pé òun ti rù ni. Kò rù rárá. Jámánì ni kọ́mú náà ti wá, 90 ti Jámánì kì í sì í ṣe 90 ti Faransé. Ẹni tó ń wọ 90 ní Faransé, 75 ni tirẹ̀ ní Jámánì. Nǹkan bíi sàǹtímẹ́tà 15 ló fi wà láàárín ara rẹ̀ àti kọ́mú tó rà.

Ohun tó ṣe é yìí ń ṣe ọ̀pọ̀ nínú wa, ní Kétu, ní Ṣábẹ̀ẹ́, ní Àjàṣẹ́. Nọ́ńbà tí ẹnì kan sọ fún wa nígbà tí a wà lọ́mọdé la gbá mú títí dòní, a kò wọn ara wa rí. Ìwọ̀n méjì péré ló wà níbẹ̀, kò sì gba ìṣẹ́jú márùn-ún.

Kí a tó mú okùn ìwọ̀n, ẹ jẹ́ kí a mọ ohun tí a ń wọ̀n. Ọ̀já kan wà lára kọ́mú tó yí àyà ká lábẹ́ ọmú, òun la ń fi ìkọ́ há lẹ́yìn. Ilé ọmú méjì wà níwájú, èyí tí Faransé ń pè ní bonnet. Okùn méjì sì gba orí èjìká. Púpọ̀ nínú wa rò pé okùn èjìká ló ń gbé ọmú dúró. Kò rí bẹ́ẹ̀. Ọ̀já abẹ́ ọmú ló ń ru ẹrù náà, okùn èjìká kàn ń bá a dì í mú kó má baà yẹ̀ ni. Tí ọ̀já bá tóbi jù, gbogbo ẹrù yóò bọ́ sórí èjìká. Ibẹ̀ ni àpá jíjìn tí a ń rí léjìká àwọn ìyá wa ti wá, àti ọrùn tó ń dùn wọ́n nírọ̀lẹ́, tí wọ́n á sì ní iṣẹ́ oko ló fà á. (Lóòótọ́, iṣẹ́ oko náà wà níbẹ̀.) Lára àmì kọ́mú, nọ́ńbà ló ń sọ ti ọ̀já, lẹ́tà ló ń sọ ti ilé ọmú.

Ẹ wá okùn ìwọ̀n àwọn aránṣọ, èyí tí a ń pè ní mètre. Ojú méjì ló ní. Èyí tó parí sí 150 ni ti sàǹtímẹ́tà, òun ni kí ẹ lò. Tí kò bá sí, okùn èyíkéyìí tí kì í nà tó. Ẹ fi yí ara ká, ẹ fi ìka di ibi tó ti pàdé mú, kí ẹ wá tẹ́ ẹ sórí règle ọmọ ilé ìwé. Ẹ bọ́ aṣọ òkè, ẹ má sì wọ kọ́mú tó ní fóòmù nígbà tí ẹ bá ń wọn ara.

Ìwọ̀n àkọ́kọ́ wà lábẹ́ ọmú gan-an, níbi tí ọmú ti pàdé ìhà. Ẹ dúró ṣánṣán, ẹ mí èémí síta, kí okùn fún mọ́ ara dáadáa láìgé ara. Kó tẹ́ dọ́gba níwájú àti lẹ́yìn. Ẹ̀yìn ló máa ń sọ̀ kalẹ̀ láìjẹ́ pé a mọ̀, nítorí náà ẹ pe ọmọ yín obìnrin tàbí ìyàwó ilé kó bá yín wò ó. Ẹ kọ nọ́ńbà náà sílẹ̀, ẹ má fi sórí.

Ìwọ̀n kejì gba orí ọmú, níbi tó ti yọ jù. Èyí kò gbọ́dọ̀ fún rárá, kí okùn kàn fara kan ara ni. Ẹni tí ọmú rẹ̀ ti sọ̀ kalẹ̀ lẹ́yìn tó ti fún ọmọ púpọ̀ lọ́mú, tó bá wọ̀n ọ́n lórí ìdúró, yóò rí nọ́ńbà tó kéré ju bó ṣe yẹ lọ. Kó tẹ̀ síwájú bí ẹni tó ń gbálẹ̀, kí ẹ̀yìn tẹ́jú bíi tábìlì, kó wá wọ̀n ọ́n bẹ́ẹ̀.

Ìṣirò ló kù. Ká mú obìnrin kan tí abẹ́ ọmú rẹ̀ jẹ́ 74, tí orí ọmú rẹ̀ sì jẹ́ 89. Ẹ mú 74 lọ sí nọ́ńbà tó sún mọ́ ọn jù nínú àwọn tó parí sí 0 tàbí 5. 75 nìyẹn. Ẹ fi 15 kún un, ó di 90: ọ̀já rẹ̀ nìyẹn lọ́nà ti Faransé. Fún lẹ́tà, ẹ yọ 74 kúrò nínú 89, ó ku 15. Bí ohun tó kù bá wà láàárín 12 sí 14, A ni. 14 sí 16 jẹ́ B, 16 sí 18 jẹ́ C, 18 sí 20 jẹ́ D, 20 sí 22 jẹ́ E, 22 sí 24 sì jẹ́ F. Obìnrin wa yìí, 90B ni. Ẹlòmíràn tí abẹ́ ọmú rẹ̀ jẹ́ 92, tí orí rẹ̀ jẹ́ 111, 105D ni tirẹ̀. Ẹni tí nọ́ńbà rẹ̀ bá bọ́ sójú ààlà, kó dán méjèèjì wò.

Àwọn ọ̀dọ́ máa ń fi lẹ́tà D ṣe yẹ̀yẹ́, bí ẹni pé ẹni tó ń wọ D, ọmú rẹ̀ tóbi rẹpẹtẹ nìyẹn. Lẹ́tà kò dá sọ nǹkan kan. Igbá kékeré àti igbá ńlá lè jìn bákan náà tá a bá fi wé fífẹ̀ ẹnu wọn, kí ohun tí wọ́n ń gbà má sì dọ́gba. D tó wà lórí 85 kéré sí D tó wà lórí 105. Àní, 85D, 90C àti 95B, ohun tí ilé ọmú wọn ń gbà fẹ́rẹ̀ẹ́ dọ́gba. Èyí wúlò lọ́jà: tí ilé ọmú 90C bá bá yín mu ṣùgbọ́n tí ọ̀já rẹ̀ ń fún yín, 95B ni kí ẹ béèrè. Tí ẹ bá mú 95C, ilé ọmú náà yóò tóbi jù.

Ẹ jẹ́ ká padà sí friperie, torí ibẹ̀ ni nǹkan ti ń dàrú. Báàlì kan náà lè kó kọ́mú Faransé, ti Jámánì àti ti Gẹ̀ẹ́sì pọ̀. Faransé, Bẹ́ljíọ́mù àti Sípéènì ló ń ka 85, 90, 95. Jámánì àti ọ̀pọ̀ ìlú Yúróòpù ń ka ìwọ̀n abẹ́ ọmú bó ṣe wà, láìfi 15 kún un. Àwọn Gẹ̀ẹ́sì àti Amẹ́ríkà ń fi íǹṣì kà á. Nítorí náà, 85 ti Faransé ni 70 ti Jámánì àti 32 ti Gẹ̀ẹ́sì. 90 jẹ́ 75 àti 34. 95 jẹ́ 80 àti 36. 100 jẹ́ 85 àti 38. 105 jẹ́ 90 àti 40. 110 jẹ́ 95 àti 42. Lẹ́tà A dé D kò yàtọ̀ láàárín wọn, ṣùgbọ́n lẹ́yìn D, Gẹ̀ẹ́sì ní DD, èyí tí Jámánì àti Faransé ń pè ní E.

Ẹ wo àmì náà dáadáa. F tàbí FR ni ti Faransé, EU tàbí EUR ni ti Yúróòpù, UK tàbí GB ni ti Gẹ̀ẹ́sì. Kọ́mú mìíràn kọ gbogbo rẹ̀ sára, ìyẹn ló dára jù. Tó bá jẹ́ nọ́ńbà kan ṣoṣo ló wà níbẹ̀, tàbí tí wọ́n ti gé àmì kúrò, ẹ má gbà gbọ́ tí ẹni tó ń tajà bá ń búra pé "tirẹ nìyí, àǹtí". Ẹ tẹ́ kọ́mú sílẹ̀, ẹ wọn ọ̀já rẹ̀ láti ìkọ́ dé ibi tí ìkọ́ ń há sí. Láìfà á, ó gbọ́dọ̀ kéré sí ìwọ̀n abẹ́ ọmú yín. Tí ẹ bá fà á títí tí kò lè nà mọ́, ó gbọ́dọ̀ jù ú lọ díẹ̀. Tí ẹ bá fà á tí kò padà sí ipò rẹ̀, rọ́bà rẹ̀ ti kú, ẹ dá a padà sórí òkìtì. Èyí tí ẹ bá sì rà, ẹ fi ọṣẹ fọ̀ ọ́ kí ẹ tó wọ̀ ọ́.

Ọjà kì í fi bẹ́ẹ̀ ní ibi tí obìnrin ti lè bọ́ṣọ. Ẹ lè wọ̀ ọ́ lórí aṣọ tó fẹ́lẹ́, ọ̀já rẹ̀ á fún díẹ̀ ju bó ṣe yẹ, ṣùgbọ́n ẹ ó rí i bóyá ilé ọmú gba yín. Nígbà tí ẹ bá délé, ìkọ́ tó tú jù ni kí ẹ fi há a bó bá jẹ́ tuntun, torí rọ́bà á máa nà lọ. Lẹ́yìn oṣù mélòó kan ẹ ó wá sún un wọlé. Ìka méjì gbọ́dọ̀ lè wọ abẹ́ ọ̀já. Tí ọ̀já bá ń gòkè lẹ́yìn bí ẹ bá gbé apá sókè, ó tóbi. Tí ọmú bá ń tú jáde lókè tàbí lábẹ́ apá, ilé rẹ̀ kéré, bó ti wù kí nọ́ńbà náà dùn mọ́ yín tó. Irin tẹ́ẹ́rẹ́ abẹ́ ilé ọmú gbọ́dọ̀ jókòó sórí ìhà, kì í ṣe sórí ọmú fúnra rẹ̀.

Ọ̀rọ̀ àwọn ìyá ọlọ́mọ jòjòló wá yàtọ̀. Ọmú wọn lè tóbi láàárọ̀ kó sì rẹlẹ̀ lọ́sàn-án. Kọ́mú tó fún wọn lè dí ọ̀nà wàrà, ọmú á le, á wú, á gbóná, ibà á tẹ̀ lé e. Ẹni tó bá rí i bẹ́ẹ̀, kó bọ́ kọ́mú náà, kó máa bá ọmú fífún ọmọ lọ, kó sì lọ bá sage-femme ní centre de santé láìpẹ́. Nígbà oyún àti nígbà ọmú, èyí tí kò ní irin, tí rọ́bà rẹ̀ rọ̀, ló dára. Ẹ tún ara yín wọ̀n lẹ́yìn tí ẹ bá já ọmọ lẹ́nu ọmú, ẹ má ṣe padà sí nọ́ńbà àtijọ́ láìwọ̀n.

Àwọn ọmọbìnrin tó ń dàgbà náà, ara wọn ń yí padà kíákíá. Ẹ wọ̀n wọ́n ní oṣù mẹ́fà mẹ́fà, níkọ̀kọ̀, láìfi wọ́n ṣe ẹ̀sín. Ọmọ tí wọ́n fi ọmú rẹ̀ ṣe ẹ̀sín lẹ́ẹ̀kan, kò ní sọ fún ẹnikẹ́ni mọ́ tí nǹkan bá ń dùn ún níbẹ̀. Ọmú a sì máa wú díẹ̀ kí nǹkan oṣù tó dé, nítorí náà ọ̀sẹ̀ tó tẹ̀ lé nǹkan oṣù ló dára fún wíwọ̀n. Ìgbà yẹn náà ló rọrùn láti fọwọ́ wá inú ọmú. Kókó tó bá wà níbẹ̀ tí kò lọ, tàbí omi tàbí ẹ̀jẹ̀ tó ń jáde lórí ọmú láìsí ọmọ, ẹ gbé e lọ sílé ìwòsàn. Kọ́mú kì í fa jẹjẹrẹ ọmú o, àwọn tó ń sọ bẹ́ẹ̀ ń dẹ́rù ba àwọn èèyàn lásán ni.

Ẹ fi ọwọ́ fọ̀ ọ́, ẹ má fún un bí àkísà, ibòji ni kí ẹ sá a sí, torí oòrùn ń pa rọ́bà. A sì mọ̀ pé kọ́mú ni báńkì ọ̀pọ̀ ìyá ọlọ́jà. Bébà owó kò ṣe é ní nǹkan púpọ̀, ṣùgbọ́n ìdì owó ẹyọ àti fóònù a máa fa ọ̀já náà wálẹ̀, kí oṣù mẹ́ta tó pé ó ti nà. Ẹ rán àpò kékeré sábẹ́ ìró.