Òrí, Àdín àti Irun tí Omi Kì í Tètè Wọ̀: Ìtàn Ìmọ̀ Ìtọ́jú Irun láàrin Àwọn Yorùbá àti Àwọn Ọmọ Áfíríkà Lẹ́yìn Òkun

Ìfáàrà

Ìró ohùn kan ṣoṣo ló ya orí sọ́tọ̀ sí òrí nínú èdè Yorùbá. Orí ni ibi tí irun ń hù sí, òun náà sì ni Yorùbá ń bọ gẹ́gẹ́ bí ẹlẹ́dàá ẹni. Òrí ni ọ̀rá funfun tí àwọn obìnrin ń yọ láti inú èso igi emi. Ó ti pẹ́ tí àwọn méjèèjì ti ń pàdé ní ọwọ́ onídìrí. Lóde òní, ìpàdé náà ti di ọ̀rọ̀ ọjà àgbáyé. A ń ta òrí nínú ike ní Lọ́ńdọ̀nù, ní New York àti ní Èkó, pẹ̀lú ìlérí pé yóò fún irun gbígbẹ ní omi. Ọ̀pọ̀ obìnrin tí irun wọn kì í tètè gba omi ló ti gbé ìlérí náà yẹ̀ wò, tí wọ́n sì rí i pé òrí kàn jókòó sórí irun wọn bí ìda, tí irun náà sì gbẹ lábẹ́ rẹ̀. Àwọn kan di ẹ̀bi ru òrí. Àwọn mìíràn, tó pọ̀ ju àwọn ti ìṣáájú lọ, di ẹ̀bi ru irun orí wọn.

Èrò tí àpilẹ̀kọ yìí gbé kalẹ̀ ni pé òrí kò jẹ̀bi, irun kò sì jẹ̀bi. Nínú ètò àtijọ́, òrí ni ìgbẹ̀yìn iṣẹ́ kan tí omi jẹ́ ìbẹ̀rẹ̀ rẹ̀. Nígbà tí òrí kúrò nínú ètò náà tí ó di ọjà àdánìkàntà, a rán an ní iṣẹ́ tí kì í ṣe tirẹ̀. Ibi tí ètò náà ti já ni ìtàn lè fi hàn wá.

Igi emi àti àwọn tó ń ṣe òrí

Igi emi kì í hù nínú igbó kìjikìji. Ilẹ̀ ọ̀dàn ni ilé rẹ̀, láti Sẹ̀nẹ̀gà títí dé Ùgáńdà, ìrìn tó ju 5,000 kìlómítà lọ. Ní ilẹ̀ Yorùbá, apá àríwá ni a ti ń bá a pàdé: ní agbègbè Ṣakí, Ìgbòho àti Ìgbẹ́tì, ní apá kan ìpínlẹ̀ Kwara, àti ní ìhà Sábẹ̀ ní orílẹ̀-èdè Bẹ̀nẹ̀. Fún ará Ìjẹ̀bú tàbí ará Oǹdó, ọjà tó ti ọ̀dàn sọ̀ kalẹ̀ wá ni òrí, gẹ́gẹ́ bí epo pupa àti àdín ti jẹ́ ọjà tó ń ti igbó gòkè lọ.

Ìlò èso yìí ti pẹ́ gan-an. Ní Kirikongo ní ilẹ̀ Burkina Faso, àwọn awalẹ̀pìtàn rí èèpo èso emi nínú ilẹ̀ tí ọjọ́ orí rẹ̀ lọ sẹ́yìn dé nǹkan bí ọdún 100 lẹ́yìn ìbí Kristi. Ní ọdún 1796, nígbà tí Mungo Park, ará Scotland, ń súnmọ́ ìlú Ségou létí odò Ọya, ó rí àwọn ènìyàn tí ń ṣa èso náà. Nínú ìwé tí ó tẹ̀ jáde ní 1799, ó yin ọ̀rá inú rẹ̀ ju bọ́tà màlúù lọ, nítorí pé ó lè wà fún odidi ọdún kan láìsí iyọ̀. Láti ẹnu àwọn Bambara ni orúkọ tí àwọn Gẹ̀ẹ́sì ń pè é ti wá. Fún ìgbà pípẹ́, àwọn onímọ̀ ewéko fi orúkọ Park sọ igi náà, kí wọ́n tó padà sí Vitellaria paradoxa. Àwọn obìnrin tó fi ìmọ̀ náà lé ara wọn lọ́wọ́ láti ìran dé ìran kò rí orúkọ tiwọn nínú ìwé ewéko kankan.

Iṣẹ́ wọn kò sì kéré. Igi emi lè lo ọdún 15 sí 20 kí ó tó so. A kì í sábà gbìn ín; àgbẹ̀ tó ń ṣán oko ni ó máa ń dá a sí. Nígbà òjò ni èso rẹ̀ ń já bọ́. Àwọn obìnrin a ṣà á, wọn a bó ẹran ara rẹ̀ kúrò, wọn a bọ kóró rẹ̀, wọn a sá a sí oòrùn, wọn a fọ́ ọ, wọn a gún un, wọn a yan án, wọn a sì lọ̀ ọ́ kúnná. Lẹ́yìn èyí ni wọn a da omi sí i, tí wọn a máa fi ọwọ́ lù ú títí ọ̀rá funfun yóò fi léfòó. Wọn a kó ọ̀rá náà, wọn a sè é, wọn a sẹ́ ẹ, wọn a sì jẹ́ kí ó dì. Omi ni wọ́n fi ń lé òrí jáde kúrò lára èso. Nítorí náà, kò sí ẹni tó ṣe òrí rí tí yóò sọ pé omi wà nínú rẹ̀.

Omi, àdín àti òrí nínú ètò àtijọ́

Samuel Johnson parí ìwé ìtàn Yorùbá rẹ̀ ní 1897, bó tilẹ̀ jẹ́ pé 1921 ni ó tó jáde. Ó ṣàkíyèsí níbẹ̀ pé irun orí ni a fi ń mọ wúńdíá yàtọ̀ sí ìyàwó ilé. Àkíyèsí yìí ràn wá lọ́wọ́ láti mọ ipò tí onídìrí wà. Ọwọ́ rẹ̀ ni àmì ipò obìnrin láwùjọ wà, yálà ó di ṣùkú, kòlẹ́sẹ̀ tàbí ìpàkọ́-ẹlẹ́dẹ̀, tàbí ó fi òwú kó irun náà. Irun tí kò rọ̀ kò ṣe é dì. Bí a bá fi agbára yà á, yóò já. Rírọ irun ni iṣẹ́ àkọ́kọ́.

Omi àti ọṣẹ dúdú ni wọ́n fi ń bẹ̀rẹ̀. Ọṣẹ náà, tí a fi eérú ṣe, lágbára láti wẹ ọ̀rá àtijọ́ kúrò lára irun. Nígbà tí ọ̀rinrin ṣì wà nínú irun ni a ó fi ọ̀rá sí i, ní ìwọ̀nba. A ó mú òrí díẹ̀ sí àtẹ́lẹwọ́, a ó fi ọwọ́ méjèèjì ra á títí yóò fi yọ́, a ó sì fi pa irun àti ojú ìlà. Lẹ́yìn náà ni òòyà, lẹ́yìn òòyà ni dídì tàbí kíkó. Bí irun bá ti wà ní dídì, atẹ́gùn ọ̀dàn kò lè tètè fa ọ̀rinrin inú rẹ̀ jáde. Ètò kan ṣoṣo ni gbogbo èyí: omi wọlé, ọ̀rá sé ilẹ̀kùn, dídì ti ilẹ̀kùn náà gbọn-in.

Òrí nìkan kọ́ ni ọ̀rá tí wọ́n ń lò. Àdín, tí a ń yọ láti inú ekùrọ́ tí a ti yan, wà níbẹ̀ pẹ̀lú. Ó yẹ kí a fiyè sí bí Yorùbá ṣe ń pe orúkọ àwọn ọ̀rá wọ̀nyí. Àdín ni wọ́n ń pe ti ekùrọ́, àdín àgbọn sì ni wọ́n ń pe ti àgbọn, ṣùgbọ́n wọn kò pe òrí ní àdín emi. Nínú ẹ̀sìn pàápàá, a kì í pa àwọn ọ̀rá wọ̀nyí pọ̀. Òrí jẹ́ ti Ọbàtálá, ẹni tí epo pupa jẹ́ èèwọ̀ rẹ̀. Àdín ni èèwọ̀ Èṣù. Àwùjọ tó ya ọ̀rá sọ́tọ̀ báyìí kò ka gbogbo rẹ̀ sí ohun kan náà.

Ohun tí òkun gbà

Òwò ẹrú kó àwọn onídìrí kúrò nílé, kò sì jẹ́ kí wọ́n di igbá òrí wọn dání. Ní Bàhíà ní ilẹ̀ Brazil, níbi tí ìbáṣòwò pẹ̀lú etíkun Áfíríkà kò ti tètè já, àwọn ẹlẹ́sìn Candomblé ń bá a lọ láti lo òrí, wọ́n sì ń pè é ní ori tàbí limo da costa, èyí tó ń tọ́ka sí etíkun tí ó ti wá. Ní Cuba, ọwọ́ kò tó o. Bọ́tà kòkó ni àwọn ẹlẹ́sìn Lucumí fi rọ́pò rẹ̀ fún Ọbàtálá, nítorí pé òun náà funfun, ó sì ń dì.

Ní Amẹ́ríkà, ìyà náà le jù bẹ́ẹ̀ lọ. Nínú ọ̀rọ̀ tí a gbà sílẹ̀ lẹ́nu àwọn ẹrú àtijọ́ láàrin 1936 sí 1938, àwọn kan ṣàlàyé pé ìyarun tí a fi ń ya irun àgùntàn ni wọ́n fi ń ya irun orí wọn, tí wọ́n sì ń fi òwú tàbí àkísà kó o láàrin ọ̀sẹ̀ kí wọ́n tó tú u ní ọjọ́ Ìsinmi. Ẹni tó bá mọ irun kíkó yóò dá àṣà yìí mọ̀. Ọwọ́ kò gbàgbé, ṣùgbọ́n òrí àti àdín kò sí mọ́. Ọ̀rá ẹlẹ́dẹ̀ àti bọ́tà ló gba ipò wọn. Ní 1872, Robert Chesebrough gba àṣẹ ìjọba lórí Vaseline, ọ̀rá tó ń wá láti inú epo rọ̀bì. Nígbà tí Sarah Breedlove, tí ayé mọ̀ sí Madam C. J. Walker, bẹ̀rẹ̀ òwò ìpara irun rẹ̀ ní ìbẹ̀rẹ̀ ọ̀rúndún ogún, irú ọ̀rá yìí àti imí-ọjọ́ wà nínú rẹ̀. Ó kọ́ àwọn oníbàárà rẹ̀ láti máa fọ irun wọn déédéé, nítorí ìlera awọ orí ni ó ń lépa. Ṣùgbọ́n bí ọdún ti ń gorí ọdún, agolo ọ̀rá ni ó dúró sí ọ̀pọ̀ ilé. Ẹ̀kọ́ nípa omi kò dúró tì í.

Ìpẹ́ irun

Ìmọ̀ sáyẹ́ǹsì òde òní lè là wá lóye ohun tó ń ṣẹlẹ̀. Ìpẹ́ wẹ́wẹ́ ló bo ara irun, tí wọ́n gorí ara wọn bí páànù orí òrùlé. Ọ̀rá tínrín kan tún bo ìpẹ́ wọ̀nyí, òun ni kì í jẹ́ kí omi tètè wọlé. Irun tí ìpẹ́ rẹ̀ pé, tí ó sì lẹ̀ mọ́ra, ni omi máa ń yọ̀ lórí rẹ̀. Èyí kì í ṣe àrùn. Àmì ni pé irun náà kò tíì bàjẹ́. Pámù tí a fi sódà líle ṣe, tó gbilẹ̀ ní ìdajì kejì ọ̀rúndún ogún, ń ṣí àwọn ìpẹ́ náà, ó sì ń jẹ ọ̀rá ara wọn. Irun tó bá ti gba pámù a máa tètè mu omi, a sì máa tètè pàdánù rẹ̀. Fún irú irun bẹ́ẹ̀, ọ̀rá tó nípọn wúlò. Nígbà tí ọ̀pọ̀ obìnrin wá padà sí irun àdánidá ní ìbẹ̀rẹ̀ ọ̀rúndún yìí, wọ́n gbé ìwọ̀n ọ̀rá tí wọ́n ti mọ́ wá sórí irun tí ìpẹ́ rẹ̀ ti padà pé. Ibẹ̀ ni àṣìṣe náà ti wọlé.

Ohun tí òrí fúnra rẹ̀ jẹ́ tún dá kún un. Ásíìdì stearic àti oleic ló pọ̀ jù nínú rẹ̀, àwọn méjèèjì sì gùn; orí irun ni wọ́n ń dúró sí jù. Ásíìdì lauric, tó kúrú jù wọ́n lọ, ló kó nǹkan bí ìdajì àdín ekùrọ́ àti ti àdín àgbọn. Ní 2003, Rele àti Mohile fi hàn pé àdín àgbọn ń wọ inú irun tí ó sì ń dín ohun tí irun ń pàdánù nígbà fífọ̀ kù, nígbà tí òróró ewéko sunflower àti òróró inú epo rọ̀bì kò ṣe bẹ́ẹ̀. Ìwádìí náà kò dán àdín ekùrọ́ wò, nítorí náà ìfiwéra ni a lè ṣe, a kò lè fi ṣe ẹ̀rí tán. Síbẹ̀, ó yẹ kí a ronú sí i pé èdè Yorùbá ti fi orúkọ kan náà so ọ̀rá méjì tí ásíìdì wọn jọra pọ̀, tó sì ya òrí sọ́tọ̀ sí wọn.

Ojú ọjọ́ pẹ̀lú ní ipa tirẹ̀. Ooru tó súnmọ́ ti ara ènìyàn ni ó ń yọ́ òrí. Ní Ṣakí, oòrùn ọ̀sán lè sọ ọ́ di òróró nínú igbá. Ní Lọ́ńdọ̀nù ní oṣù Kìíní ọdún, ó le bí àbẹ́là, bẹ́ẹ̀ náà ni yóò sì ṣe lórí irun tí a fi pa. Ètò àtijọ́ lo ooru láìpe orúkọ rẹ̀: oòrùn, àtẹ́lẹwọ́ tí a ra, àti omi lílọ́ wọ́ọ́wọ́ọ́. Ẹni tó bá wà ní ilẹ̀ òtútù gbọ́dọ̀ mọ̀ọ́mọ̀ pèsè ooru náà kí omi tó lè wọlé, kí ó sì fi òrí díẹ̀ kẹ́yìn.

Àgbálọgbábọ̀

Ọ̀rọ̀ yìí ju ẹwà irun lọ. Láti ọdún 2000, òfin ilẹ̀ Yúróòpù gba àwọn tó ń ṣe ṣokoléètì láyè láti fi ọ̀rá bíi ti emi rọ́pò bọ́tà kòkó dé ìwọ̀n 5 nínú 100, ilé-iṣẹ́ oúnjẹ sì ni ó ń gba èyí tó pọ̀ jù nínú èso emi tó ń lọ sí òkè òkun. Cuba fi bọ́tà kòkó rọ́pò òrí nítorí àìrí. Yúróòpù ń fi òrí rọ́pò bọ́tà kòkó nítorí èrè. Ní oṣù Kẹjọ ọdún 2025, ìjọba àpapọ̀ Nàìjíríà dá kíkó kóró emi tí a kò tíì yọ òrí rẹ̀ lọ sí òkè òkun dúró fún oṣù mẹ́fà, kí iṣẹ́ àti owó lè dúró sílé. Òfin lè dá kóró dúró lẹ́nu ibodè. Ìmọ̀ ti kọjá ibodè láìní olùtọ́jú: a ta òrí, a kò ta ètò tó yí i ká, obìnrin tí ètò náà kò dé ọ̀dọ̀ rẹ̀ sì ń ka irun tó pé ìpẹ́ sí irun burúkú.

Àwọn onídìrí àgbà tó mọ ìgbà tí a ń fi àdín, ìgbà tí a ń fi òrí, àti ìwọ̀n omi tó yẹ kí ó ṣáájú wọn ṣì wà ní àwọn ìlú ọ̀dàn àti ní ìlú igbó. Iṣẹ́ ló kù fún àwọn akẹ́kọ̀ọ́ èdè àti ìtàn Yorùbá láti jókòó tì wọ́n, kí wọ́n sì kọ orúkọ ọ̀rá, ti irinṣẹ́ àti ti ìṣesí irun sílẹ̀ bí àwọn àgbà náà ṣe ń pè é. Bí a kò bá ṣe é, ike òrí yóò máa pọ̀ sí i lórí àtẹ, irun abẹ́ rẹ̀ yóò sì máa gbẹ.