Bí Ìgbàgbọ́ Kristẹni Ṣe Ta Gbòǹgbò ní Ọ̀tà Àwórì

Ìlú Ọ̀tà ti jinlẹ̀ nínú ọ̀rọ̀ ẹ̀mí kí oníwàásù kankan tó tẹ ilẹ̀ rẹ̀. Ibẹ̀ ni òkìkí Gẹ̀lẹ̀dẹ́ ti kàn, ijó tí wọ́n fi ń tu àwọn ìyá wa lójú kí ọmọ má kú, kí òjò rọ̀, kí ìlú tòrò. Ẹni tí yóò bá mú ìròyìn tuntun wá fún irú ìlú bẹ́ẹ̀ gbọ́dọ̀ kọ́kọ́ jókòó, kí ó gbọ́ ohun tí wọ́n ń tọrọ. Ohun tí mo rí fà yọ nínú ìtàn ìgbàgbọ́ ní Ọ̀tà nìyí: ìgbà tí ìjọ bá tẹ́tí sí ìbéèrè ìlú ló máa ń fìdí múlẹ̀.

Ogun ló ṣáájú ìwàásù. Ojú ọ̀nà tó so Èkó mọ́ Abẹ́òkúta ni Ọ̀tà wà. Àwọn Ẹ̀gbá tó tẹ Abẹ́òkúta dó ní 1830 ń wá ọ̀nà dé etí òkun fún òwò wọn, àwọn Sàró, ìyẹn àwọn ọmọ Yorùbá tó ń padà bọ̀ nílé láti Sierra Leone, náà sì nílò ọ̀nà tí wọn kò ní dá wọn lọ́nà. Ní 1842, ogun Ẹ̀gbá ja Ọ̀tà, ó sì ṣẹ́gun rẹ̀. Láti ìgbà náà, abẹ́ àṣẹ Abẹ́òkúta ni Ọ̀tà wà fún ọ̀pọ̀ ọdún. Ní oṣù December ọdún kan náà ni Thomas Birch Freeman ti ìjọ Mẹ́tọ́díìsì wọ Abẹ́òkúta. Henry Townsend ti CMS, ẹgbẹ́ ajíhìnrere ìjọ Áńgílíkà, tẹ̀lé e ní January 1843. Ìlú tó ṣẹ́gun Ọ̀tà ni ìyìn rere kọ́kọ́ dé. Ẹni tó bá rántí èyí kò ní yà á lẹ́nu pé ọkàn àwọn ará Ọ̀tà kò tètè yí.

Ẹni tí CMS wá rán sí wọn ni James White. Orúkọ òyìnbó ló ń jẹ́ lóòótọ́, ṣùgbọ́n ọmọ Yorùbá ni, Sàró ni. Ní January 1852, lẹ́yìn tí àwọn Gẹ̀ẹ́sì lé Ọba Kòsọ́kọ́ kúrò ní Èkó tí Akíntóyè sì padà sórí oyè, White ni CMS kọ́kọ́ rán wọ ìlú náà. Nígbà tó fi máa di àárín àwọn ọdún 1850, ó ti wà ní Ọ̀tà, ibẹ̀ ló sì ti lo ọ̀pọ̀lọpọ̀ nínú ọdún iṣẹ́ rẹ̀. Kò nílò ògbufọ̀. Bí ó bá kí àgbà, ó mọ bí wọ́n ṣe ń kí àgbà; bí babaláwo bá pa òwe fún un, ó yé e.

White ń kọ ohun tó ń ṣojú rẹ̀ sílẹ̀: egúngún, Gẹ̀lẹ̀dẹ́, Ifá dídá, àti àríyànjiyàn òun pẹ̀lú àwọn àgbà. Ó ń fi àkọsílẹ̀ náà ránṣẹ́ sí àwọn ọ̀gá rẹ̀ ní Lọ́ńdọ̀nù, wọ́n sì ń bẹ ní ìpamọ́ ní Yunifásítì Birmingham títí di òní. Onímọ̀ J. D. Y. Peel gbé ọ̀pọ̀ nínú ìwé rẹ̀ tó jáde ní 2000, lórí bí àwọn Yorùbá ṣe pàdé ẹ̀sìn tuntun, ka orí irú àkọsílẹ̀ bẹ́ẹ̀. White fẹ́ kí àwọn ará Ọ̀tà pa àṣà wọn tì. Síbẹ̀, ọ̀dọ̀ rẹ̀ ni ọmọ Ọ̀tà ti lè kà nípa bí àwọn bàbá ńlá rẹ̀ ṣe ń ṣọdún ní nǹkan bí 170 ọdún sẹ́yìn. Gbèsè ọpẹ́ la jẹ ẹ́.

Ìjọ kò yára pọ̀ nígbà ayé White. Ìwé ló ran ìjọ lọ́wọ́, pàápàá lẹ́yìn tí Bíbélì Yorùbá parí pátá ní 1884 lábẹ́ ìdarí Bíṣọ́ọ̀bù Samuel Àjàyí Crowther àti àwọn ẹlẹgbẹ́ rẹ̀. Ọmọ ilé ìwé lè wá kà á fún ìyá rẹ̀ nínú ilé. Àdúrà sì ni ó tẹ̀ lé ìwé. Ní 1925, Moses Orímọládé àti Àbíọ́dún Akínṣọwọ́n dá Ẹgbẹ́ Séráfù sílẹ̀ ní Èkó. Ní 1930, ìsọjí Joseph Ayọ̀ Babalọlá mi Iléṣà tìtì. Àwọn ìjọ aládùúrà wọ̀nyí kò sọ pé àjẹ́, àbíkú àti ọ̀tá kò sí. Wọ́n ní Ọlọ́run lágbára jù wọ́n lọ, wọ́n gbààwẹ̀, wọ́n sì fi omi tí wọ́n gbàdúrà sí fún aláìsàn mu. Ìbẹ̀rù tí Gẹ̀lẹ̀dẹ́ ń dá lóhùn ni àwọn náà gbà sọ́wọ́.

Lẹ́yìn náà ni àwọn onímọ̀ wa gbé ọ̀rọ̀ náà, pé kí ìjọ tẹ́tí sí ìlú, kalẹ̀ nínú ìwé. Bọ́lájí Ìdòwú, ọmọ Ìkòròdú tó di olórí ìjọ Mẹ́tọ́díìsì ní Nàìjíríà, gbé ìwé rẹ̀ lórí Olódùmarè jáde ní 1962. Àlàyé rẹ̀ ni pé Ọlọ́run kò ṣẹ̀ṣẹ̀ bá ọkọ̀ òyìnbó dé ilẹ̀ wa; àwọn bàbá wa mọ̀ ọ́n, wọ́n sì ń pè é. Ní 1965 ó tún kọ ìwé mìíràn tó ń béèrè fún ìjọ tí yóò jẹ́ ti ọmọ ilẹ̀ ní orin, ní ìsìn àti ní ìrònú.

Nígbà tí wọ́n dá Ìpínlẹ̀ Ògùn sílẹ̀ ní 1976, ilẹ̀ Èkó ti ń há. Ilé iṣẹ́ ẹ̀rọ wá bo Ọ̀tà àti Ṣàngó, àwọn èrò láti gbogbo Nàìjíríà sì tẹ̀ lé wọn. Dúró sábẹ́ afárá Ṣàngó ní ìdájí ọjọ́ Àìkú, wàá rí òṣìṣẹ́ tó ṣẹ̀ṣẹ̀ jáde ní ṣíìfù alẹ́, eruku iṣẹ́ ṣì wà lára bàtà rẹ̀, tí òun àti ìyá tó gbé Bíbélì sáyà jọ ń du ọkọ̀ kan náà. Kọ̀ńdọ́ ń ké: “Ìyànà Ìyẹsí! Canaanland! Wọlé pẹ̀lú ṣéńjì yín!”

Ní 1998 ni Ìjọ Living Faith, tí Bíṣọ́ọ̀bù David Oyèdépò, ọmọ Òmù-Àrán, bẹ̀rẹ̀ ní Kaduna ní 1983, ra ilẹ̀ Canaanland lójú ọ̀nà Ìdí-Ìrókò. Ní 18 September 1999 ni wọ́n ya Faith Tabernacle sí mímọ́, gbọ̀ngán tó gba ju 50,000 ènìyàn lọ níjòókòó. Yunifásítì Covenant ṣílẹ̀kùn níbẹ̀ ní 21 October 2002. Àwọn kan ń bínú pé ọ̀rọ̀ owó pọ̀ jù nínú ìwàásù irú ìjọ bẹ́ẹ̀. Èmi kò lè bá ẹni tó ń tọrọ iṣẹ́ àti oúnjẹ lọ́wọ́ Ọlọ́run wí. Owó, ọmọ àti àlàáfíà ni Yorùbá ti ń tọrọ láti ìṣẹ̀dálẹ̀.

Ṣùgbọ́n ìbéèrè mìíràn ti wà nílẹ̀ báyìí, ti òṣìṣẹ́ kásúà tó ń fi ọdún dúpò oṣù nídìí ẹ̀rọ láìsí ìwé ìgbanisíṣẹ́ lọ́wọ́. Iṣẹ́ ìran tiwa nìyẹn. Kí gbogbo ìjọ tó wà ní Ọ̀tà, láti Áńgílíkà dé aládùúrà àti Canaanland, kọ ìtàn ara wọn sílẹ̀ bí White ti ṣe, kí wọ́n sì gbọ́ ẹjọ́ òṣìṣẹ́ bí àwọn aládùúrà ti gbọ́ ẹjọ́ ìyá àbíkú. Òfin Mósè kò fẹ́ kí owó ọ̀yà alágbàṣe sùn lọ́wọ́ ọ̀gá mọ́jú. Ìjọ tó ń sọ fún òṣìṣẹ́ pé Ọlọ́run yóò pèsè gbọ́dọ̀ sọ òfin yìí náà fún ọ̀gá ilé iṣẹ́, lójúkojú, nínú ṣọ́ọ̀ṣì kan náà.