Bedfordshire: Ọkọ̀ apẹja tí wọ́n ní kó lọ ṣọdẹ ọkọ̀ abẹ́ omi Jámánì

HMT Bedfordshire jẹ́ ọkọ̀ apẹja tí ìjọba Gẹ̀ẹ́sì sọ di ọkọ̀ ogun nígbà Ogun Àgbáyé Kejì. Middlesbrough ni wọ́n ti kàn án lọ́dún 1935, àwọn oníṣòwò ẹja ní Grimsby ló sì ni ín. Nígbà tó di oṣù kẹjọ ọdún 1939, tí ogun ti ń kanlẹ̀kùn, iléeṣẹ́ ọmọ ogun ojú omi gbà á lọ́wọ́ wọn.

Kí ni wọ́n fẹ́ fi ọkọ̀ ẹja ṣe lójú ogun? Ẹ rò ó wò ná. Ọkọ̀ tó ń wọ́ àwọ̀n nínú ìjì lójú òkun tútù, ara rẹ̀ ti le. Wọ́n kó àwọ̀n kúrò, wọ́n gbé ìbọn ńlá kan síwájú, wọ́n to àdó olóró tí wọ́n máa ń jù sísàlẹ̀ omi sẹ́yìn, wọ́n sì fi ẹ̀rọ tó ń fi ìró wá ohun tó bá wà lábẹ́ omi sí i. Ó ku eré. Tí ọkọ̀ abẹ́ omi Jámánì bá ti yọ sójú omi, ó máa ń sáré ju Bedfordshire lọ. Ọdẹ tí ẹran lè sá mọ́ lọ́wọ́ nìyẹn o!

Ní ìbẹ̀rẹ̀ ọdún 1942, àwọn ará Jámánì ń ri ọkọ̀ oníṣòwò létíkun Amẹ́ríkà bí ẹni ń mu omi. Ọkọ̀ tí Amẹ́ríkà fi lè lé wọn ò tó nǹkan, ni Gẹ̀ẹ́sì bá yá wọn ní ọkọ̀ apẹja 24 bẹ́ẹ̀. Bedfordshire wà lára wọn, etíkun North Carolina ló sì ń ṣọ́.

Nínú oṣù kẹrin, omi gbé òkú àwọn atukọ̀ Gẹ̀ẹ́sì wá sí èbúté, láti inú ọkọ̀ epo San Delfino. Aycock Brown, tó ń bá àwọn ọmọ ogun ojú omi Amẹ́ríkà ṣiṣẹ́, lọ sínú Bedfordshire láti wá asíá tí wọ́n máa fi bo pósí wọn. Ọ̀gá kan níbẹ̀, Thomas Cunningham, kó o fún un, ó tiẹ̀ lé.

Lóru mọ́jú ọjọ́ 12 oṣù karùn-ún, U-558 tí Günther Krech ń darí rí Bedfordshire. Tọ́pídò tó kọ́kọ́ yìn tàsé, èyí tó yìn kẹ́yìn ò tàsé. Gbogbo ẹni tó wà nínú rẹ̀ ló kú. Atukọ̀ rẹ̀ kan wà tí ọlọ́pàá mú ní Morehead City, tí kò fi bá ọkọ̀ lọ. Ìyẹn ló yè.

Lọ́jọ́ 14, wọ́n rí òkú méjì létíkun erékùṣù Ocracoke. Wọ́n pe Brown kó wá wò wọ́n, bó ṣe dá Cunningham mọ̀ nìyẹn. Ọ̀kan nínú asíá tó fún un ni wọ́n fi bo pósí rẹ̀. Omi tún gbé òkú méjì míì wá lẹ́yìn náà, tí ẹnikẹ́ni ò dá orúkọ wọn mọ̀.

Ìdílé kan ní Ocracoke yọ̀ǹda ilẹ̀, ibẹ̀ ni sàréè àwọn mẹ́rẹ̀ẹ̀rin wà títí dòní, tí asíá Gẹ̀ẹ́sì ń fẹ́ lókè rẹ̀. Lóṣù karùn-ún ọdọọdún, wọ́n máa ń ṣe ìrántí wọn níbẹ̀.