Bí Irin Bá Kan Irin

Bí irin bá kan irin, ọ̀kan á tẹ̀ fún ọ̀kan. Àwọn tó ń ná ọjà ní Owódé Onírin, lẹ́yìn Mile 12 téèyàn bá ń lọ sí Ìkòròdú, kò retí kí ẹnikẹ́ni túmọ̀ òwe yìí fún wọn. Irin ni wọ́n ń rà, irin ni wọ́n ń tà. Níbi ìjà la sábà máa ń pa òwe náà sí, ìyàwó àti ìyá ọkọ, ọ̀gá àti ọmọ iṣẹ́, a ó sì ti gbà pé ẹni tó tẹ̀ ti fìdí rẹmi nìyẹn. Ṣùgbọ́n ẹ wo ọwọ́ ẹni tó ń tẹ irin fún àwọn bíríkìlà: á ki irin tẹ́ẹ́rẹ́ sáàárín ìṣó ńlá tó kàn mọ́ pákó, á fà á, á tẹ̀ ẹ́ títí á fi di òrùka onígun mẹ́rin. Òrùka yẹn ló ń di àwọn irin gbọọrọ mú nínú òpó. Òwe náà ò sọ pé èyí tó tẹ̀ ti bàjẹ́.

Ẹni tí mo rò pé òwe yìí bá mu jù ni Edward Wilmot Blyden, àlùfáà tó di ààrẹ ilé ẹ̀kọ́ gíga, tí ẹsẹ̀ rẹ̀ sì tẹ Èkó dáadáa. Ọdún 1832 ni wọ́n bí i ní St. Thomas, erékùṣù tó wà lábẹ́ Denmark nígbà náà. Iṣẹ́ àlùfáà ló fẹ́ kọ́. Ó dé Amẹ́ríkà ní 1850, ilé ẹ̀kọ́ àlùfáà ní Rutgers ò gbà á nítorí àwọ̀ rẹ̀, àwọn mìíràn náà ò gbà á. Ọdún yẹn gan-an ni wọ́n ṣòfin mímú ẹrú tó sá padà fún olówó rẹ̀, tí ọkàn aláwọ̀ dúdú tí kì í ṣe ẹrú pàápàá ò fi balẹ̀ mọ́. Blyden tẹ̀ fún wọn: ó wọkọ̀ òkun, ó gúnlẹ̀ sí Liberia ní 1851, kò tí ì pé ọmọ ogún ọdún.

Ibẹ̀ ló ti di àlùfáà ìjọ Presbyterian ní 1858. Ó gbọ́ Látìnì, Gíríìkì àti Hébérù, síbẹ̀ ní 1866 ó tún lọ sí Beirut lọ kọ́ èdè Lárúbáwá. Àlùfáà ìjọ Kristi lọ kọ́ èdè Kùránì! Ní 1871, ọ̀rọ̀ òṣèlú le débi pé àwọn jàǹdùkú fi okùn sí i lọ́rùn ní ìgboro Monrovia. Ó sá lọ sí Freetown, ìwé tó sì ń kọ sí gómìnà ibẹ̀ ní 1872 ni pé kí wọ́n dá yunifásítì sílẹ̀ fún Ìwọ̀-Oòrùn Áfíríkà.

Nígbà tó yá ó padà sí Liberia, ní 1880 ó sì di ààrẹ Liberia College, èyí tó di Yunifásítì Liberia ní 1951. Ọ̀rọ̀ tó sọ níbi ayẹyẹ ìgbaṣẹ́ rẹ̀, ní January 1881, tó ohun tí à ń dúró lé. Ó ní ọmọ dúdú ń há ìwé tó ń bú u sórí, ó sì ń pè é ní ẹ̀kọ́. Nítorí náà, kí àwọn akẹ́kọ̀ọ́ tẹra mọ́ ìwé àwọn ará Gíríìkì àti Róòmù àtijọ́, tí wọ́n kọ tiwọn kí òwò ẹrú orí òkun tó dé. Kí wọ́n ṣọ́ra fún ìwé ìgbà àìpẹ́, ìgbà tí wọ́n ń hùmọ̀ irọ́ láti fi tẹ́ńbẹ́lú aláwọ̀ dúdú. Kí wọ́n kọ́ ìṣirò, èdè Lárúbáwá àti àwọn èdè ilẹ̀ wa. Kí obìnrin kọ́ ohun tí ọkùnrin ń kọ́. Kí wọ́n sì kó ilé ẹ̀kọ́ náà kúrò létí òkun lọ sí àárín ilẹ̀. Mo máa ń rò ó pé ẹni tó fẹ́ gba ọkàn ọmọ dúdú sílẹ̀ lọ́wọ́ òyìnbó, báwo ló ṣe tún gba ọ̀dọ̀ Gíríìkì àti Róòmù lọ? Àlàyé rẹ̀ ò tẹ́ mi lọ́rùn tán, àmọ́ ó yé mi: ó ń wá ibi tí ọmọ yóò ti mú ọpọlọ rẹ̀ le láìgbọ́ èébú.

Òun àti àwọn alábòójútó ilé ẹ̀kọ́ náà ò rẹ́. Ó fipò sílẹ̀ ní 1884; ní 1886 ó fi ìjọ Presbyterian náà sílẹ̀, ó ní òjíṣẹ́ òtítọ́ lòun.

Ó dé Èkó ní ìparí 1890, nígbà tí inú ń bí àwọn Kristẹni ibẹ̀ lórí bí àwọn ọ̀dọ́ míṣọ́nnárì òyìnbó ṣe fojú tẹ́ńbẹ́lú Bíṣọ́ọ̀bù Àjàyí Crowther, arúgbó tó ti lé ní ọgọ́rin ọdún, nínú iṣẹ́ ìjọ Odò Ọya. Ní January 1891, ó sọ̀rọ̀ fún wọn ní ilé ìwé Breadfruit pé kí wọ́n dá ìjọ tiwọn sílẹ̀, kí wọ́n má dúró de òyìnbó. Etí tí ń wá irú ọ̀rọ̀ bẹ́ẹ̀ ló bá pàdé. Ní oṣù kẹjọ ọdún yẹn, àwọn kan dá United Native African Church, UNA, sílẹ̀. Blyden fúnra rẹ̀ ò bá wọn jẹ olórí.

Ó padà wá ní 1896, ìjọba Èkó gbà á síṣẹ́ lórí ọ̀rọ̀ ọmọ ìbílẹ̀. Ó bá àwọn Mùsùlùmí sọ̀rọ̀ títí ilé ìwé ìjọba fún ọmọ wọn fi ṣí lọ́dún náà. Ó tún gbé ọ̀rọ̀ ilé ẹ̀kọ́ gíga síwájú Gómìnà Carter. Ìyẹn ò bọ́ sí i. Freetown ló kú sí ní 1912. Nígbà tí yunifásítì wá dé Ìbàdàn ní 1948, Látìnì àti Gíríìkì bá a wọlé. Kí Lárúbáwá àti Yorùbá tó di ohun téèyàn ń gboyè lé lórí níbẹ̀, ó di ẹ̀yìn òmìnira.