Kì í ṣe Leipzig ló gbé sàíkọ́lọ́jì dé Ìkẹ́rẹ́

Ọmọ ẹ̀gbọ́n mi kan ń kọ́ṣẹ́ olùkọ́ ní Ìkẹ́rẹ́. Nígbà tí ìdánwò ku ọ̀la, mo bá a ní ọ̀dẹ̀dẹ̀ ilé wọn ní Èmùré, ó na ẹsẹ̀ méjèèjì sílẹ̀, nóòtì wà lórí itan rẹ̀, ó ń kà á bí ẹni ń kọrin: "Wilhelm Wundt ni bàbá sàíkọ́lọ́jì. Ó dá a sílẹ̀ ní Leipzig, ní ilẹ̀ Jámánì, lọ́dún 1879." Ó tún un kà, ó tún un kà. Mo ní, "Ó dáa. Kí ló wá gbé e láti Jámánì dé Ìkẹ́rẹ́?" Ó gbójú sókè. "Ìyẹn ò sí nínú nóòtì wa, sà."

Ìdáhùn ọmọ yẹn ò kúrò lọ́kàn mi. Kì í ṣe nóòtì tirẹ̀ nìkan. Bí a ṣe ń sọ ìtàn ìbẹ̀rẹ̀ ẹ̀kọ́ nípa ọkàn àti ìwà ẹ̀dá fún àwọn olùkọ́ ọ̀la nìyẹn: òyìnbó kan, yàrá kan, ọdún kan, ó parí. Mo ní ìtàn náà kò tọ́, ibi tó sì ti wọ́ ń pa àwọn ọmọ wa lára.

Ẹ jẹ́ ká fún Wundt ní ẹ̀tọ́ rẹ̀ ná. Ó ní yàrá ìwádìí ní Leipzig lóòótọ́, akẹ́kọ̀ọ́ sì ń wá bá a láti ọ̀nà jíjìn. Ṣùgbọ́n láti 1875 ló ti dé ìlú náà, ìgbà yẹn náà sì ni William James ti ya yàrá kékeré kan sọ́tọ̀ ní Harvard, ní Amẹ́ríkà, tó fi ń ṣàfihàn irú iṣẹ́ bẹ́ẹ̀ fún àwọn akẹ́kọ̀ọ́ rẹ̀. Ohun tó ṣẹlẹ̀ ní 1879 ò ju pé àwọn akẹ́kọ̀ọ́ Wundt bẹ̀rẹ̀ sí í ṣe ìwádìí tiwọn níbẹ̀. Ọkùnrin tí a ní ó ya sàíkọ́lọ́jì kúrò lára fìlọ́sọ́fì, òun gan-an ló kọ̀wé ní 1913 pé kí wọ́n má yà á. Láti 1900 títí tó fi kú ní 1920, ó kọ ìwé ńlá onípele mẹ́wàá lórí èdè, ìtàn ìwáṣẹ̀ àti àṣà, nítorí ó gbà pé ohun tó jinlẹ̀ jù nínú ọkàn ẹ̀dá, irinṣẹ́ inú yàrá kò lè wọ̀n ọ́n. Inú èdè àti àṣà ni ká ti wá a. Ká ní nóòtì ọmọ wa sọ ìyẹn fún un ni, òun tó gbọ́ èdè Èkìtì dénú egungun ì bá mọ̀ pé ohun èlò ẹ̀kọ́ náà wà lẹ́nu òun.

Ta ló wá sọ 1879 di ọjọ́ ìkómọ? Edwin Boring, ọ̀jọ̀gbọ́n kan ní Harvard, ló fìdí rẹ̀ múlẹ̀ jù, nínú ìwé ìtàn tó tẹ̀ jáde ní 1929. Lákòókò yẹn, àwọn tó ń lo sàíkọ́lọ́jì nílé ẹ̀kọ́ àti níbi iṣẹ́ ti ń gba ilẹ̀ mọ́ àwọn ará yàrá ìwádìí lọ́wọ́, ará yàrá ìwádìí sì ni Boring. Lójú tèmi, ìwé tí ẹnì kan fi ń jà fún ààyè àwọn ẹgbẹ́ rẹ̀ ni àwa sọ di ìtàn ìṣẹ̀dálẹ̀.

Èyí tó dé ọ̀dọ̀ wa ní àwọn òbí mìíràn. Lọ́dún 1884, Francis Galton to irinṣẹ́ síbi àfihàn kan ní Lọ́ńdọ̀nù. Ẹni tó bá san tọ́rọ́, wọ́n á wọn bí ojú rẹ̀ ṣe ń ríran, bí etí rẹ̀ ṣe ń gbọ́ràn, bí ọwọ́ rẹ̀ ṣe lágbára tó. Ènìyàn 9,337 ni wọ́n wọ̀n. Galton yìí náà ló ń wàásù pé kí àwọn tó kà sí ẹni tó dára máa bímọ sí i, kí àwọn yòókù dín kù. Ní Paris, lọ́dún 1905, Alfred Binet àti Théodore Simon gbé ìdánwò òye kalẹ̀ nítorí pé òfin ti kó gbogbo ọmọ Faransé sínú kíláàsì, wọ́n sì fẹ́ mọ èyí tí kò lè bá ẹgbẹ́ rẹ̀ rìn. Nígbà tó di 1917, Amẹ́ríkà wọ ogun, nǹkan bí mílíọ̀nù kan àti ẹgbẹ̀rún lọ́nà ẹ̀ẹ́dẹ́gbẹ̀rin ológun ló sì ṣe irú ìdánwò bẹ́ẹ̀. Kíláàsì tó kún àti ogun ló gbẹ̀bí ẹ̀kọ́ yìí, kì í ṣe ọ̀mọ̀wé kan tó dá jókòó.

Ẹ wá wo ọ̀dọ̀ wa. Ní oṣù kìíní 1955, ẹ̀kọ́ ọ̀fẹ́ bẹ̀rẹ̀ ní Ìwọ̀ Oòrùn lábẹ́ ìjọba Awólọ́wọ̀. Láàárín ọdún kan, àwọn ọmọ ilé ẹ̀kọ́ alákọ̀ọ́bẹ̀rẹ̀ kúrò ní bí 457,000, wọ́n di 811,000 ó lé. Ẹni tó bá jẹ́ olùkọ́ ní Ìsẹ̀ tàbí ní Èmùré nígbà náà mọ ohun tí iye yẹn jẹ́: ọmọ tí àwọn òbí rẹ̀ kò mú kálàmù rí, ọmọ tó ti oko wá tó ń sùn lórí àga, ọmọ tó mọ ìdáhùn ṣùgbọ́n tí kò lè sọ ọ́ lédè òyìnbó. Ní 1976, ìjọba àpapọ̀ tún sọ ẹ̀kọ́ alákọ̀ọ́bẹ̀rẹ̀ di ti gbogbo ọmọ Nàìjíríà. Olùkọ́ ò tó rárá. Ọdún tó tẹ̀ lé e, 1977, ni ìjọba Ìpínlẹ̀ Oǹdó ìgbà náà dá Kọ́lẹ́ẹ̀jì Ẹ̀kọ́ sílẹ̀ ní Ìkẹ́rẹ́, èyí tó di yunifásítì ní 2020 tí wọ́n fi orúkọ Bámidélé Olúmilúà pè. Kò sí ẹni tó lè gba sátífíkéètì olùkọ́ níbẹ̀ láìjókòó ti sàíkọ́lọ́jì. Ọmọ tó pọ̀ ju olùkọ́ lọ ló gbé e dé Ìkẹ́rẹ́. Èyí gan-an ni ìdáhùn tí kò sí nínú nóòtì.

Ẹ̀kọ́ ìtọ́sọ́nà fún akẹ́kọ̀ọ́ náà rí bẹ́ẹ̀. Àwọn ìyá ajẹ́jẹ̀ẹ́ ilé ẹ̀kọ́ St Theresa, ní Òkè-Àdó, n'Íbàdàn, la sábà máa ń dárúkọ, pé àwọn ló bẹ̀rẹ̀ rẹ̀ nílẹ̀ wa ní 1959. Ohun tó jẹ wọ́n lógún ni iṣẹ́ tí àwọn ọmọbìnrin tó fẹ́ jáde yóò rí ṣe.

Ibi tó dùn mí jù nínú ohun tí nóòtì fò wà ní Abẹ́òkúta. Ní 1953, Àjọ Ìlera Àgbáyé tẹ ìwé kan jáde tí J. C. Carothers kọ, dókítà òyìnbó tó ti ṣiṣẹ́ ní Kẹ́ńyà. Ó ní ọmọ Áfíríkà kì í lo apá iwájú ọpọlọ rẹ̀ bí òyìnbó ṣe ń lò ó. Ọdún kejì, 1954, dókítà Adéoyè Lámbò bẹ̀rẹ̀ iṣẹ́ ní ọsibítù ọpọlọ tó wà ní Aró, l'Abẹ́òkúta. Kò ti àwọn aláìsàn mọ́lé. Ó fi wọ́n sílé àwọn ará abúlé tó yí ọsibítù ká, ẹbí kan tẹ̀ lé ẹnì kọ̀ọ̀kan wọn, wọ́n ń gba ìtọ́jú lọ́sàn-án, wọ́n ń padà síbi tí wọ́n ti ń dáná oúnjẹ alẹ́. Ó pe àwọn oníṣègùn ìbílẹ̀ mọ́ra, ó bá wọn ṣiṣẹ́. Ní 1963, òun àti àwọn ọ̀mọ̀wé láti Amẹ́ríkà tẹ ìwé jáde lórí àìsàn ọkàn láàárín àwa Yorùbá. Mo mọ̀ pé ìṣègùn ọpọlọ ni Lámbò kọ́, ṣùgbọ́n ẹni tó bá ń kọ́ ọmọ Èkìtì nípa ọkàn tí kò dárúkọ rẹ̀ ti fo ojú ewé tó kàn án jù. Ní 1973, àjọ tó tẹ ìwé Carothers fi Lámbò ṣe igbákejì ọ̀gá àgbà rẹ̀.

Àwọn kan á ní, "Ṣé o ò wá rí i? Àwọn bàbá wa ti ní sàíkọ́lọ́jì tipẹ́, Ifá ni." Mi ò gbà fún àwọn náà. Àwọn bàbá wa mọ ìwà, wọ́n mọ orí, wọ́n mọ bí a ṣe ń pẹ̀tù sí ọkàn tó gbóná. Ṣùgbọ́n ẹ̀kọ́ tó ní ìdánwò, owó oṣù àti sátífíkéètì, nǹkan mìíràn ni, ìjọba àti ilé ẹ̀kọ́ ló ń bí i. Bí a bá pe Ifá ní sàíkọ́lọ́jì, ńṣe la wọ ẹ̀wù ẹlòmíràn fún Ifá. Oníṣègùn tó bá Lámbò jókòó ní Aró ti ní iyì tirẹ̀, kò nílò ká puró kún un.

Ìkẹ́rẹ́ náà ti ní àpẹẹrẹ bí a ṣe ń sọ ìtàn láìfo ẹnikẹ́ni. Láàárín 1910 sí 1914, Ọlọ́wẹ̀ Ìsẹ̀, agbẹ́gilére, gbẹ́ ilẹ̀kùn kan fún ààfin Ògògà, ọba Ìkẹ́rẹ́. Ilẹ̀kùn náà lọ sí ibi àfihàn Wembley ní 1924, ó sì wà ní British Museum dòní. Ẹni tó bá wò ó dáadáa á rí òyìnbó tí wọ́n fi àga gbé, Captain Ambrose, á rí àwọn tó ru ẹrù, lápá kejì á sì rí Ògògà tó jókòó pẹ̀lú adé lórí. Ọlọ́wẹ̀ ò gbẹ́ àlejò nìkan. Ó gbẹ́ onílé, ó gbẹ́ aláàárù.

Ẹ̀yin olùkọ́ sàíkọ́lọ́jì ní Ìkẹ́rẹ́, ẹ jọ̀ọ́, ẹ kọ 1955, 1977 àti Aró sẹ́gbẹ̀ẹ́ 1879 lórí pátákó. Nígbà tí ìdánwò bá sì tún dé, ẹ bi àwọn ọmọ náà ní ìbéèrè tí mo bi ọmọ ẹ̀gbọ́n mi.