Ohun tí Amọ̀nà Lè Fi Han Àlejò: Akọ, Abo àti Òfin ní Ìgboro Àtijọ́ Ìbàdàn

Ní àwọn olú-ìlú kan ní Òkè-Òkun, iṣẹ́ kan ti gbilẹ̀ tí àwọn baba wa kò mọ̀. Amọ̀nà a kó àlejò lẹ́yìn, a sì mú wọn la ìgboro já, láti fi ibi tí àwọn ọkùnrin tí ń fẹ́ ọkùnrin, àwọn obìnrin tí ń fẹ́ obìnrin, àti àwọn tí ìrísí ara wọn kò bá ohun tí wọ́n mọ ara wọn sí mu, ti gbé, tí wọ́n ti jìyà, tí wọ́n sì ti dá ẹgbẹ́ sílẹ̀, hàn wọ́n. Ní Berlin, wọ́n a mú wọn dé ibi tí ilé ìwádìí Magnus Hirschfeld wà, èyí tí a ṣí ní 1919, tí àwọn akẹ́kọ̀ọ́ tí ń ti Hitler lẹ́yìn sì kó ìwé inú rẹ̀ lọ dáná sun ní oṣù karùn-ún 1933. Ní Amsterdam, òkúta ìrántí tí a ṣí ní 1987 ni wọ́n ń lọ wò. Ìbàdàn náà jẹ́ olú-ìlú, ti Ìwọ̀ Oòrùn Nàìjíríà látijọ́, ti Ìpínlẹ̀ Ọ̀yọ́ láti 1976 títí di òní. Ìbéèrè tí a fẹ́ yẹ̀ wò nínú àpilẹ̀kọ yìí ni pé, bí amọ̀nà bá mú irú àlejò bẹ́ẹ̀ gba ìgboro àtijọ́ ìlú yìí kọjá, kí ni ó lè nawọ́ sí láìpurọ́?

Ọ̀rọ̀ yìí kì í ṣe eré láàrin àwọn onímọ̀ lásán. Ìhà méjì ni àríyànjiyàn tí ó wà nílẹ̀ pín sí. Àwọn kan ń tẹnu mọ́ ọn pé àṣà Yorùbá ti ka ìfẹ́ ọkùnrin sí ọkùnrin àti ti obìnrin sí obìnrin léèwọ̀ láti ìwáṣẹ̀, pé òyìnbó ni ó kó o wá. Àwọn mìíràn ń sọ pé tọwọ́tẹsẹ̀ ni àwọn baba wa fi gbà á. Wọ́n a ní kí a wo àwọn ẹlẹ́gùn Ṣàngó tí ń dirun bí obìnrin. Ìhà méjèèjì ni ó pe ìlú àtijọ́ ní ẹlẹ́rìí. Èrò tiwa ni pé ẹlẹ́rìí náà kò sọ ohun tí wọ́n ń fi sí i lẹ́nu, àti pé ibi tí ọ̀rọ̀ náà ti hàn kedere jù lójú ọ̀nà tí a fẹ́ tọ̀ yìí ni ibi tí ìjọba òyìnbó tẹ̀dó sí. Ẹ̀wọ̀n wà nídìí ọ̀rọ̀ náà, nítorí náà àṣìṣe onítàn níhìn-ín kì í mọ sórí ìwé.

Òkè Àárẹ ni ó yẹ kí a ti bẹ̀rẹ̀, nítorí pé láti ibẹ̀ ni ènìyàn ti lè fi ojú kan rí òrùlé páànù tí ó ti dípẹtà, tí ọ̀kan fara ti èkejì, láti Ọjà'ba dé Bẹẹrẹ, láti Bẹẹrẹ dé Bẹ́yẹrúnká. Ilé ìṣọ́ tí ó wà lórí òkè náà ni a kọ́ ní 1936 ní ìrántí R. L. Bower, ọmọ ogun Gẹ̀ẹ́sì tí ó kọ́kọ́ jẹ́ Ajẹ́lẹ̀ ní Ìbàdàn lẹ́yìn àdéhùn oṣù kẹjọ 1893. Bower yìí kan náà ni ó rọ̀jò ọta ìbọn lé ìlú Ọ̀yọ́ lórí ní oṣù kọkànlá 1895. (Ọdún tí a kọ́ ilé ìṣọ́ rẹ̀ náà ni a yí oyè Baálẹ̀ padà sí Olúbàdàn. Ẹni tí ó bá fẹ́ràn àfiwé lè mú un níbẹ̀.)

Láti Òkè Àárẹ a ń wo Mápó lọ́ọ̀ọ́kán. Gbọ̀ngàn olópòó ràbàtà yìí, tí a ṣí ní 1929, ni a kọ́ fún ìjọba ìbílẹ̀ tí àwọn òyìnbó tò sílẹ̀. Níbẹ̀ ni a ti ń fi Olúbàdàn jẹ títí di òní. A mú àlejò wá síbẹ̀ nítorí pé òun ni àmì ìjọba tí ó mú òfin kan wọ ilẹ̀ yìí, ó sì yẹ kí a tẹsẹ̀ dúró lórí òfin náà díẹ̀. Samuel Griffith, adájọ́ kan ní Queensland ní ilẹ̀ Australia, ni ó kọ Ìwé Òfin Ìwà Ọ̀daràn tí a fọwọ́ sí níbẹ̀ ní 1899. Ìjọba Gẹ̀ẹ́sì mú ẹ̀dà rẹ̀ wọ Àríwá Nàìjíríà ní 1904, wọ́n sì nà án ká gbogbo Nàìjíríà ní 1916. Abala 214 sọ pé ìbálòpọ̀ tí ó bá lòdì sí ìṣe ẹ̀dá yóò gba ẹ̀wọ̀n ọdún 14. Abala 217 sì fi ẹ̀wọ̀n ọdún 3 lé ìwà àìtọ́ láàrin ọkùnrin àti ọkùnrin. Gbólóhùn nípa ìṣe ẹ̀dá yìí kò jáde láti ẹnu babaláwo kankan, bẹ́ẹ̀ ni kò sí ìgbìmọ̀ ìjòyè Ìbàdàn tí ó jókòó gbé e kalẹ̀. Òfin ọba Henry Kẹjọ ti 1533 ni a lè tọ ìran rẹ̀ dé. Ìdí tí a fi tẹnu mọ́ ọn nìyí: ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì ti bẹ̀rẹ̀ sí í tú tirẹ̀ palẹ̀ ní 1967, Queensland tú tirẹ̀ ní 1990, ṣùgbọ́n ẹ̀dà tí wọ́n fi sílẹ̀ ní ìhà gúúsù Nàìjíríà ṣì wà lẹ́nu iṣẹ́. Ní oṣù kìn-ín-ní 2014, Ààrẹ Goodluck Jonathan tún fọwọ́ sí òfin mìíràn tí ó fi ẹ̀wọ̀n ọdún 14 lé ìgbéyàwó akọ sí akọ tàbí abo sí abo, tí ó sì fi ọdún 10 lé ẹgbẹ́ wọn àti fífi irú ìfẹ́ bẹ́ẹ̀ hàn ní gbangba. Ẹni tí ó bá wí pé àṣà ilẹ̀ wa ni ó fi èyí sẹ́wọ̀n, ìwé Griffith ni ó ń kà láìmọ̀.

Èyí kò wá sọ pé àwọn ará ìgbàanì kò mọ ohun tí à ń sọ. Ọ̀rọ̀ èébú kan wà nínú èdè wa tí a kò ní kọ sílẹ̀ níhìn-ín, tí ó dárúkọ ìṣe náà láìfi igbá kan bọ̀kan nínú. Èébú kì í ṣe òfin. Ohun tí ó lè jẹ́rìí sí ni pé a mọ ìṣe náà, a sì ń fi í bú ènìyàn. Kò lè jẹ́rìí pé ẹnikẹ́ni dé iwájú Baálẹ̀ nítorí rẹ̀.

Láti Mápó, a ó sọ̀ kalẹ̀ sí Ọjà'ba, ọjà tí a fi oyè Ìba Olúyọ̀lé sọ. Ó rọrùn fún amọ̀nà tí ń wá ìtàn tí yóò dùn létí àlejò láti dárúkọ Ẹfúnṣetán Aníwúrà níhìn-ín, kí ó sì sọ ọ́ di aṣáájú fún gbogbo obìnrin tí kò ṣe bí obìnrin. A gbà pé alágbára ni. Ìyálóde kejì ní Ìbàdàn ni, oníṣòwò àti olóko ńlá tí ó ní ẹrú rẹpẹtẹ. Bọ́láńlé Awẹ́ sì ti fi hàn ní 1977 pé oyè Ìyálóde kì í ṣe oyè ojú lásán, pé ẹni tí ó jẹ ẹ́ ń bá àwọn ìjòyè ọkùnrin jókòó ní ìgbìmọ̀. Ṣùgbọ́n ẹ jẹ́ kí a wo ohun tí Samuel Johnson, tí ó dàgbà ní Ìbàdàn, kọ nípa ẹ̀sùn tí Àrẹ Látòósà fi kàn án ní 1874. Kò bá Àrẹ lọ sógun. Kò fi oúnjẹ ránṣẹ́ sójú ogun. Kò jáde wá kí i nígbà tí ó dé. Mẹ́tẹ̀ẹ̀ta, ọ̀rọ̀ ìṣèlú àti ogun ni. Wọ́n rọ̀ ọ́ lóyè, wọ́n sì pa á lọ́dún náà, kò sì sí ẹ̀sùn kan nínú wọn tí ó kan ẹni tí ó fẹ́ràn. Obìnrin tí ó di ipò ńlá mú kì í ṣe ohun kan náà pẹ̀lú obìnrin tí ń fẹ́ obìnrin. Bí a bá pa méjèèjì pọ̀, a ti gba ìtàn Ẹfúnṣetán lọ́wọ́ rẹ̀.

Bẹẹrẹ sí Bẹ́yẹrúnká kò ní gbà wá lákòókò. Ohun tí ó wà níbẹ̀ fún wa ni agboolé, àti ọ̀rọ̀ kan tí ó sábà máa ń ya àlejò lẹ́nu. Ìyàwó ilé a máa pe ọmọbìnrin tí a bí sínú agboolé ní ọkọ rẹ̀, àní bí ọmọ náà kò tilẹ̀ ju ọmọ ọwọ́ lọ. Oyèrónkẹ́ Oyěwùmí (1997) fi irú èyí ṣe ẹ̀rí pé ìgbà tí ènìyàn wọ ilé ni ó ń sọ ẹni tí ó jẹ́ ọkọ, pé kì í ṣe irú ara tí ó ní. Èyí tọ̀nà. Ṣùgbọ́n ọkọ tí ìyàwó ilé ń pe ọmọ kì í ṣe ọkọ orí ibùsùn, amọ̀nà kò sì gbọdọ̀ jẹ́ kí àlejò gbàgbé bẹ́ẹ̀.

Bí ìrìn náà bá bọ́ sí oṣù kẹta, ó lè bá ọdún Òkèbàdàn pàdé, ọjọ́ tí a kì í dáná ní ìgboro. Lọ́jọ́ náà, ìtìjú a máa gba ìsinmi: àgbà àti ọmọdé a máa fi orin dárúkọ ohun tí ó wà lábẹ́ aṣọ tọkùnrin tobìnrin, kò sì ní sí ẹni tí yóò bínú. Abọ́kè tí í ṣe olórí àwọn abọrẹ̀ rẹ̀ a sì dirun bí obìnrin. Ọjọ́ kan ni o. Àyè tí a là sílẹ̀ fún ọjọ́ kan lọ́dún ń kọ́ wa pé ìlú mọ ààlà náà dáadáa, ó sì mọ ìgbà tí a lè fò ó.

Agbeni ni ibi tí ọ̀rọ̀ pọ̀ sí jù. Ojúbọ Ṣàngó tí ó wà níbẹ̀ ni Leo Frobenius, ará Jámánì, bẹ̀ wò ní 1910, tí Carl Arriens tí ó bá a rìn sì ya àwòrán àwọn òpó ọlọ́nà rẹ̀. Ọkùnrin tí ó bá di ẹlẹ́gùn Ṣàngó a dirun bí ìyàwó tuntun, a wọ yẹ̀rì, a lé tìróò. Ìyàwó ni a sì ń pe ẹni tí a ṣẹ̀ṣẹ̀ fi jẹ òrìṣà. J. Lorand Matory, tí ó ṣe ìwádìí ní Ìgbòho, kọ ní 1994 pé kókó ọ̀rọ̀ náà wà nínú ‘gùn’: Ṣàngó ń gun ẹlẹ́gùn bí a ti ń gun ẹṣin, bí akọ ẹran ti ń gun abo, ìyàwó sì ni ẹni tí a gùn, ìbáà ṣe ọkùnrin. Oyěwùmí kò gbà fún un; ó ní ojú òyìnbó ni ó fi wo irun àti aṣọ náà. Lójú tiwa, Matory gbọ́ èdè náà dáadáa, ṣùgbọ́n àwọn tí ń tọ́ka sí ìwé rẹ̀ ni ó sáré kọjá ibi tí ó dúró sí. Kò sọ pé àwọn ẹlẹ́gùn Ìgbòho ń bá ọkùnrin lò pọ̀. Ọ̀pọ̀ ẹlẹ́gùn ni ó ní aya àti ọmọ nílé.

Ṣùgbọ́n ọ̀rọ̀ kò pin síbẹ̀. Àwọn ẹrú tí ogun ọ̀rúndún kọkàndínlógún kó ta sí Bahia ní Brazil mú Ṣàngó àti ‘ìyàwó’ lọ. Iaô ni wọ́n ń pè é níbẹ̀. Ruth Landes kọ ní 1940 pé àwọn ọkùnrin tí ń fẹ́ ọkùnrin ti rí àyè nínú ilé òrìṣà níbẹ̀, títí dé ipò olórí. Irú ipò kan náà, ọ̀rọ̀ kan náà, ìlú méjì, ìtumọ̀ méjì. Ohun tí ìtàn lè sọ ni pé ipò ìyàwó òrìṣà fi ilẹ̀kùn sílẹ̀ ní ṣíṣí; àwọn tí ó gba ibẹ̀ wọlé ní Bahia wà lákọsílẹ̀. Agbeni kò gbọdọ̀ gba ògo tàbí ẹ̀bi ohun tí ó ṣẹlẹ̀ ní Bahia.

A dábàá, nígbà náà, pé kí amọ̀nà tí yóò ṣe iṣẹ́ yìí fi Mápó ṣáájú, kí ó sì fi Agbeni kẹ́yìn, kí àlejò lè mọ ohun tí a kọ sínú òfin kí ó tó rí ohun tí a kò kọ. Ìṣòro kan wà tí ó ju ti ètò ìrìn lọ. Abala 5 nínú òfin 2014 kò mọ sórí ìgbéyàwó. Ó tún fi ẹ̀wọ̀n ọdún 10 lé ẹni tí ó bá ti ẹgbẹ́, ìpàdé tàbí ìtò-rìn àwọn tí ń fẹ́ akọ sí akọ lẹ́yìn. Bí ogún àlejò bá tò tẹ̀lé ẹnìkan láti Òkè Àárẹ dé Agbeni, tí ó ń ka ọdún fún wọn, ilé ẹjọ́ ni yóò sọ bóyá kíláàsì ìtàn ni tàbí ìtò-rìn.