Ìlàjà Lábẹ́ Ilé-Ẹjọ́: Gbèsè àti Ilẹ̀ ní Abẹ́òkúta

Ìlàjà lábẹ́ ilé-ẹjọ́ ni kí àwọn tó ń du gbèsè tàbí dúkìá jókòó síwájú olùlàjà, kí wọ́n fúnra wọn wá ojútùú, kí adájọ́ sì fi òǹtẹ̀ lu ohun tí wọ́n bá fẹnu kò sí. Olùlàjà kì í dáni láre, kì í sì í dáni lẹ́bi.

Láyé àtijọ́, wọ́n máa ń dógò ti onígbèsè. Gẹ́gẹ́ bí Samuel Johnson ṣe kọ ọ́ sínú The History of the Yorubas (1921), ológò á wọ ilé onígbèsè, á jókòó pa síbẹ̀, á sì máa yọ gbogbo ilé lẹ́nu títí owó á fi jáde. Lónìí, àgọ́ ọlọ́pàá ni ọ̀pọ̀ olówó ń sáré lọ, bẹ́ẹ̀ Òfin Ọlọ́pàá ti 2020 sọ pé ọlọ́pàá kò gbọdọ̀ torí ọ̀rọ̀ gbèsè nìkan mú ẹnikẹ́ni.

Ní 1976 ni Frank Sander, ọ̀jọ̀gbọ́n òfin ní Harvard, dábàá ilé-ẹjọ́ onílẹ̀kùn púpọ̀, tí ẹjọ́ kọ̀ọ̀kan á gba ẹnu ọ̀nà tó bá a mu wọlé; ìlàjà jẹ́ ọ̀kan lára àwọn ẹnu ọ̀nà náà. Èkó ṣí tirẹ̀ ní oṣù Kẹfà 2002, àkọ́kọ́ irú rẹ̀ ní Áfíríkà. Ìpínlẹ̀ Ògùn náà ti ní tirẹ̀.

Adájọ́ lè darí ẹjọ́ síbẹ̀. Ẹni tí kò tíì pẹjọ́ náà lè gbé ọ̀rọ̀ lọ. Olùlàjà á gbọ́ tẹnu tọ̀tún-tòsì pa pọ̀, lẹ́yìn náà á máa pè wọ́n sí kọ̀rọ̀ lọ́kọ̀ọ̀kan. Àṣírí ni ọ̀rọ̀ kọ̀rọ̀ náà.

Gbèsè kì í le púpọ̀. Ẹni tó jẹ oníṣòwò sìmẹ́ńtì ní Pańṣẹ́kẹ́, l'Abẹ́òkúta, ní 600,000 náírà lè gbà láti máa san 100,000 lóṣooṣù, kí oníṣòwò náà sì fi èlé jì í.

Ilẹ̀ ló lágídí. Ní Ìbarà, ilẹ̀ ìdílé àti ilẹ̀ tí ìjọba pín fún GRA (àdúgbò ibùgbé tí ìjọba là sílẹ̀) jọ fara kora. Ìwé C of O (ìwé àṣẹ ìlò ilẹ̀) lábẹ́ Òfin Ìlò Ilẹ̀ ti 1978 kò sì pa ìdílé lẹ́nu mọ́, torí ẹni tó bá fi hàn pé ẹ̀tọ́ tòun ló fẹsẹ̀ múlẹ̀ jù lè bì í ṣubú. Bí ọmọ ẹbí bá ta ilẹ̀ ìdílé láìsí olórí ẹbí níbẹ̀, òfo ni títà náà. Bí olórí ẹbí bá tà á láìfi lọ àwọn àgbà ìdílé, ilé-ẹjọ́ lè fagi lé e. Nítorí náà, kí olùlàjà tó béèrè ohunkóhun, ó yẹ kó mọ ẹni tó láṣẹ láti fọwọ́ síwèé. Àdéhùn tí àbúrò buwọ́ lù nígbà tí olórí ẹbí wà nílé, ẹjọ́ tuntun ló fi pamọ́. Bó bá jẹ́ ọ̀rọ̀ ààlà, ó dára kí gbogbo wọn bá awọnlẹ̀ dé orí ilẹ̀, kí wọ́n wo nọ́ńbà ara òpó kọnkéré, kí wọ́n sì wo pèrègún tí àwọn baba ńlá gbìn.

Bí adájọ́ bá ti sọ àdéhùn di ìdájọ́, báìlífù lè fi gba owó tàbí ilẹ̀, abala 241 Òfin Ìpìlẹ̀ Nàìjíríà ti 1999 kò sì jẹ́ kí ẹnikẹ́ni pe ẹjọ́ kòtẹ́milọ́rùn lórí rẹ̀ láìgbàṣẹ ilé-ẹjọ́. Ìlàjà ààfin Olúbarà, ọba Ìbarà, tàbí ti àwọn àgbà ìdílé kò ní irú òǹtẹ̀ yìí. Síbẹ̀, nínú ẹjọ́ Agu àti Ikewibe ní 1991, Ilé-Ẹjọ́ Gíga Jùlọ gbà pé ìdájọ́ àwọn àgbà lè de àwọn oníjà, bí wọ́n bá fínnúfíndọ̀ gbé ọ̀rọ̀ wá, tí wọ́n sì ti gbà tẹ́lẹ̀ pé àwọn á fara mọ́ ọn.